Ohun Tí Odò Adákẹ́ṣàn Béèrè

"Wọ́n ní odò ti sọ̀rọ̀."

"Odò wo?"

"Odò mélòó la ní? Wọ́n ní ó ní kí wọ́n mú… Sún mọ́ mi. Kí wọ́n mú ọkọ…"

"Ọkọ ta ni?"

"Ọkọ tirẹ̀ ni o. Wọ́n ní tí kò bá rí i kí ọjọ́ mẹ́ta tó pé…"

"Tí kò bá rí i ńkọ́?"

"Ibi tí mo gbọ́ ọ dé nìyẹn. Má sọ pé èmi ni mo sọ ọ́ fún ẹ o."

Báyìí ni ọ̀rọ̀ náà ṣe ń ti ẹnu kan bọ́ sí ẹnu kejì ní Abẹ́-Ìlá, ìlú tó wà nísàlẹ̀ Ìlá-Ọ̀ràngún gan-an, níbi tí oòrùn kò dé, tó jẹ́ pé olú tí ń tàn bí àtùpà ni wọ́n fi ń ríran. Àwọn tó wà lókè kò mọ̀ pé ẹnikẹ́ni wà nísàlẹ̀ àwọn. Àwọn ti ìsàlẹ̀ ni wọ́n mọ̀ nípa àwọn tòkè, bí ayálégbé ìsàlẹ̀ ṣe máa ń mọ̀ nípa ẹni tó ń gbé lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì: ariwo ẹsẹ̀ rẹ̀ àti ohun tó bá jábọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Iṣu àwọn àgbẹ̀ Ọ̀rà so rọ̀ lórí wọn bí àdán. Gbòǹgbò igi obì ni wọ́n fi ṣe igi àjà. Tí ọ̀kadà bá gba ọ̀nà Ire kọjá, wọ́n á ní òjò ń kù. Tí ọdún bá dé, tí àwọn ọmọ Ìlá ti Èkó àti Ìbàdàn wọlé, tí mọ́tò pọ̀ lójú títì, eruku á máa dà sínú ọbẹ̀, ìyá á sì sọ fún ọmọ pé, "Dé ìkòkò, àwọn ará ilé ti dé."

Orúkọ pàápàá, òkè ló ti ń jábọ́. Ọjọ́ tí wọ́n bá fẹ́ sọ ọmọ lórúkọ, bàbá ọmọ á gun àkàbà, á fi etí lé òrùlé, orúkọ àkọ́kọ́ tó bá gbọ́ tí wọ́n pè ní ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ní ilé ìwé òkè, ó di ti ọmọ rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí obìnrin kan fi ń jẹ́ Purity láàárín wọn. Kò sẹ́ni tó mọ ìtumọ̀ rẹ̀, òun náà kò sì mọ̀ ọ́n.

Purity yìí ló gbé ọ̀rọ̀ náà dé ọ̀dọ̀ Dámisọ́lá, níbi tí Dámisọ́lá ti ń ká olú.

"Dámi, o ti gbọ́?"

"Kí ni, Àǹtí Purity?"

"Ẹ̀gbọ́n rẹ ni wọ́n mú. Tèmídayọ̀. Òun ni ọkọ odò."

Agbọ̀n bọ́ lọ́wọ́ Dámisọ́lá.

"Àwọn àgbà ti jókòó sí i," ni Purity wí. "Wọ́n ní àfi ọkùnrin tó ti tó gbéyàwó tí kò tíì gbé e. Ta ló kù ní ìlú yìí? Mo ti sọ fún un tẹ́lẹ̀. Mo ní, 'Tèmídayọ̀, ìwọ tí o ń ṣa obìnrin bí ẹni ń ṣa ìrẹsì, òkúta lo máa bá nídìí àwo.' Ó fi mí rẹ́rìn-ín. Ó dáa náà."

"Àǹtí Purity, kì í ṣe ọkọ. Ọkọ́ ni."

"Ọkọ́ wo?"

"Ọkọ́ tí a fi ń roko. Mo wà níbẹ̀ nígbà tí Yèyé sọ ọ́."

Purity wò ó títí, ó wá bú sẹ́rìn-ín. "Kí ni odò fẹ́ fi ọkọ́ ṣe? Ṣé iṣu ló fẹ́ gbìn? Ọmọ yìí, ìfẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ ti ń pa ọ́. Lọ sọ ọ́ níwájú Baálẹ̀, kí àwa náà rí ẹ̀rín rín."

Ó gbéra, ó ń lọ. Ọ̀rọ̀ tó kù há Dámisọ́lá lẹ́nu bí egungun ẹja.

Òótọ́ ni pé ó wà níbẹ̀. Ogún ọdún ni Dámisọ́lá, ìtìjú rẹ̀ sì pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé bí àlejò bá wọlé, ẹ̀yìn ìkòkò omi ló máa ń sá lọ. Ẹsẹ̀ Yèyé Bọ́lánlé ló ti kọ́ gbogbo ohun tó mọ̀. Yèyé Bọ́lánlé nìkan ló ń gbọ́ èdè odò Adákẹ́ṣàn, odò ńlá tí ń ṣàn láìdún, tí omi rẹ̀ dúdú bí aró, tí gbogbo ìlú fi ń mu, fi ń wẹ̀, fi ń bomi rin olú. Láti ogún ọjọ́ ni odò náà ti ń fà sẹ́yìn. Àwọn ọkọ̀ ojú omi ti fi ẹ̀gbẹ́ lélẹ̀ létí odò bí ewúrẹ́ tó sùn. Yèyé wá lọ fi etí lé omi ìwọ̀nba tó kù. Nígbà tó dìde, ó wọ ahéré rẹ̀, Dámisọ́lá jókòó sẹ́yìn rẹ̀, wọ́n ránṣẹ́ pe Hezekiah akígbe ìlú.

Òfin méjì ló wà lórí ọ̀rọ̀ odò. Èkíní, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni Yèyé ń sọ ọ́. Lẹ́yìn náà, títí ọjọ́ méje yóò fi pé, kò ní fọhùn, kò ní mi orí, kò ní nawọ́ sí nǹkan kan. Èkejì, ọ̀rọ̀ odò kò gba àbùlà. Bí wọ́n bá ṣe sọ ọ́ ni kí á ṣe rò ó. Ẹni tó bá túmọ̀ rẹ̀ tàbí tó fi tirẹ̀ kún un, ìyà tó bá tọ́ sí i kò kéré.

Yèyé la ẹnu, ó ní, "Ẹ mú ọkọ́ wá."

Kó tó mí, Hezekiah ti na ẹsẹ̀ kan síta. Ọkùnrin náà fẹ́ràn ìròyìn gbígbóná bí ẹni tó fẹ́ràn àkàrà gbígbóná. Kì í dúró kó tutù. "Mo ti gbọ́, Yèyé!" ló wí, ó ti lọ. Yèyé kò pe ẹnikẹ́ni padà. Ó sọ ọ̀rọ̀ náà parí, ó pa ẹnu dé. Dámisọ́lá nìkan ló gbọ́ ìparí rẹ̀.

Hezekiah lọ sí Ihò Àgbá, níbi tí ìlú ti ń pàdé, ó kígbe ohun tó gbọ́. Ẹni tó bá ti dé Ihò Àgbá rí mọ ìwà rẹ̀. Òrùlé rẹ̀ ga, ògiri rẹ̀ dán. A máa gba ohùn ènìyàn, a máa tẹ́ ẹ bí ẹní, a máa dá a padà pẹrẹsẹ, láìsí òkè láìsí ìsàlẹ̀. Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà fi dé etí àwọn tó wà lẹ́yìn, ọkọ́ ti di ọkọ. Ti ọjọ́ mẹ́ta yẹn, kò sẹ́ni tó mọ ibi tó ti wá. Ṣùgbọ́n nígbà tó fi dé ọ̀dọ̀ àwọn àgbà, ó ti di òfin.

Kò sí ẹni tó fi ọkọ fún odò rí, nítorí náà àwọn àgbà ń dá àṣà rẹ̀ sílẹ̀ bí wọ́n ṣe ń jókòó. Wọ́n ní aṣọ funfun ni ọkọ ìyàwó yóò wọ̀. Wọ́n ní Ọ̀fun ni wọn yóò mú un lọ, ihò tóóró tí odò ti ń jáde wá. Wọ́n ní bó bá ti wọlé, kí wọ́n fi òkúta dí ẹnu ihò náà, nítorí a kì í yọjú wo tọkọtaya ní ìyẹ̀wù. Gbogbo wọn mi orí, wọ́n ní ọ̀rọ̀ náà mọ́gbọ́n wá.

Dámisọ́lá gbọ́ èyí, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò dúró. Ọ̀dọ̀ Hezekiah ló kọ́kọ́ gbà lọ. Ó bá a lórí ẹní níwájú ilé rẹ̀, ó ń jẹ obì.

"Ẹ kú ìjókòó, sà."

"Dámisọ́lá! Ẹni tí kì í fọhùn. Kí ló gbé ọ dé?"

"Ọ̀rọ̀ odò ni, sà. Ní ọ̀dọ̀ Yèyé. Ẹ… ẹ ti ń lọ nígbà tí wọ́n…"

"Nígbà tí wọ́n kí ni?"

"Wọn ò tíì parí ọ̀rọ̀, sà."

Ẹ̀rẹ̀kẹ́ Hezekiah dúró lórí obì. "Ọdún mọ́kànlélógún ni mo ti ń kígbe ní ìlú yìí. Mo kígbe ikú bàbá rẹ. Ó kú àbí kò kú?"

"Ó kú, sà."

"Mo kígbe ìjà àwọn ará Abẹ́-Ọ̀rà. Wọ́n jà àbí wọn ò jà?"

"Wọ́n jà, sà."

"Èwo ni mo wá ṣì kígbe?"

"Ọkọ́ ni Yèyé wí, sà. Ọkọ́."

Ojú ọkùnrin náà yẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bíńtín, ó sì padà. Dámisọ́lá rí i. Ó mọ̀ pé ọkùnrin náà mọ̀ pé òun ṣì í kígbe. "Mo ti gbọ́ ọ," ni Hezekiah wí. "Kí màmá rẹ fún mi." Ó yí ẹ̀yìn sí i.

Nílé, ìyá rẹ̀ ń fọ aṣọ funfun náà nínú ìwọ̀nba omi tí wọ́n rí pọn, ó ń fọ̀ ọ́, ó ń sunkún sí i. Tèmídayọ̀ jókòó lórí àpótí, ó ń gbìyànjú láti fi í ṣe yẹ̀yẹ́.

"Ó kéré tán, ìyàwó tèmi kò ní máa pariwo," ló wí. "Adákẹ́ṣàn! Ta ló tún lè fẹ́ irú ẹ̀?"

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Iṣu tí wọ́n gbé síwájú rẹ̀ láti àárọ̀ ti le gan-gan.

"Màmá," ni Dámisọ́lá wí, "ọkọ́ ni Yèyé ní kí wọ́n mú wá. Etí mi ni mo fi gbọ́ ọ."

Ìyá náà fún aṣọ, kò gbé ojú sókè. "Má dá sí i."

"Màmá…"

"Mo ní má dá sí i! Bí wọ́n bá ní o bu omi la ọ̀rọ̀ odò, wọ́n á mú ìwọ náà. Ọmọ méjì ni mo bí, Dámisọ́lá. Mélòó ni o fẹ́ kí ó kù fún mi?"

Tèmídayọ̀ wo àbúrò rẹ̀. Yẹ̀yẹ́ ti kúrò lójú rẹ̀. "Ṣé ó dá ẹ lójú?"

"Ó dá mi lójú."

"Nígbà náà, sọ ọ́ fún wọn."

"Mo ń sọ ọ́!" Ohùn rẹ̀ ga tó bẹ́ẹ̀ tí òun fúnra rẹ̀ fi dẹ́rù ba ara rẹ̀. "Láti àárọ̀ ni mo ti ń sọ ọ́! Kí ni ẹ fẹ́ kí n ṣe, kí n kọ ọ́ sí iwájú orí?"

Ọjọ́ kejì, nígbà tí agogo ilé ìwé òkè dún tí àwọn ti ìsàlẹ̀ fi ń mọ̀ pé ilẹ̀ ti mọ́, ó lọ sí Ihò Àgbá. Ọ̀rọ̀ odò kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìyẹ̀wù. Ẹni tó bá ní ohun láti wí fún Baálẹ̀ Oyèlẹ́yẹ nípa rẹ̀, ibẹ̀ ló ti gbọ́dọ̀ wí i, lójú gbogbo ènìyàn. Ìlú kún bámú. Wọ́n ti ń jiyàn lórí ẹni tó máa dúró gẹ́gẹ́ bí àna fún odò. Dámisọ́lá kúnlẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, Baálẹ̀. Yèyé kò sọ pé ọkọ. Ọkọ́ ni wọ́n wí."

Ihò náà gba ohùn rẹ̀, ó tẹ́ ẹ, ó pín in fún wọn: ọkọ, ọkọ, ọkọ.

Baálẹ̀ na ọrùn. "O ní kì í ṣe kí ni?"

"Kì í ṣe ọkọ, sà. Ọkọ́ ni."

"Kì í ṣe ọkọ, ọkọ ni," ni ẹnì kan tún un sọ lẹ́yìn, ẹ̀rín bẹ́ kárí ihò, ẹ̀rín náà sì tún padà wá rín in lẹ́ẹ̀kejì láti ara ògiri.

Bàbá arúgbó kan dìde, ó ní bóyá ọkọ̀ ojú omi ni ọmọ náà ń wí. Wọ́n ní kí ó jókòó. Ọkọ̀ mẹ́fà ni odò ti ní, kò rí omi gbé wọn.

"Ẹ jọ̀ọ́," ni Dámisọ́lá wí. Òógùn ń kán sí i lójú. "Irin tí wọ́n fi igi bọ̀. Èyí tí àgbẹ̀ ń gbé lé èjìká. Èyí tí wọ́n fi ń…"

"Àbùlà!" Hezekiah ni. Ohùn rẹ̀ kò nílò ihò kó tó ròkè. "Baálẹ̀, ẹ gbọ́ ọ! Ṣé Yèyé sọ̀rọ̀ irin? Ṣé Yèyé sọ̀rọ̀ àgbẹ̀? Ó ń bu omi là á!"

"Àbùlà!" ni àwọn èrò wí.

Baálẹ̀ gbé ọwọ́ sókè. Ènìyàn jẹ́jẹ́ ni, kò fẹ́ kí ọjọ́ burú ju bó ṣe burú lọ. "Ọmọ mi, ẹ̀gbọ́n rẹ ni, a mọ bó ṣe ń dùn ọ́. Lọ jókòó. Lẹ́ẹ̀kejì, a ò ní fojú fò ó."

Ó kúrò níbẹ̀, ó gba ahéré Yèyé Bọ́lánlé lọ. Yèyé dojú kọ ògiri, ó lọ́ra bí ọmọ inú oyún. Dámisọ́lá lọ jókòó sí iwájú rẹ̀, ní àárín òun àti ògiri.

"Yèyé, wọ́n fẹ́ fi Tèmídayọ̀ dí odò. Ẹ kàn ṣẹ́jú ni. Ẹ ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀kan, mo máa pe wọ́n wá wò ó."

Yèyé di ojú. Omi jáde lábẹ́ ìpéǹpéjú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò là á. Ọmọ tí àgbà tọ́ kò lè sọ fún àgbà pé òfin rẹ̀ kò dára. Dámisọ́lá gbá ọwọ́ mọ́ ilẹ̀ títí àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ fi pọ́n. Ta ni kó bínú sí? Hezekiah purọ́, Purity ń rẹ́rìn-ín, ìyá rẹ̀ ń bẹ̀rù, ihò kò mọ ohun tó ń ṣe, Yèyé sì ń pa òfin mọ́. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó fẹ́ kí Tèmídayọ̀ kú. Gbogbo wọn sì jọ ń gbé e lọ ni.

Ọjọ́ kẹta pé. Wọ́n wọ aṣọ funfun fún un. Ìlú tẹ̀ lé e gba inú odò lọ, nítorí odò ti di ọ̀nà. Bí wọ́n ṣe ń sún mọ́ Ọ̀fun ni ẹrẹ̀ ń pọ̀ sí i, dúdú, ó ń fà bí ọbẹ̀ ilá, ó dé kókósẹ̀, ó dé agbede ojúgun. Ó ti ta sí ara ògiri lọ́tùn-ún lósì, ó ti lẹ̀ mọ́ òrùlé pàápàá, tó bẹ́ẹ̀ tí kò sí ibi tí òkúta ti hàn mọ́. Àwọn ọkùnrin mẹ́rin ń ru òkúta tí wọn yóò fi dí ẹnu ihò. Ẹnì kan gbìyànjú láti dá orin ìyàwó, orin náà kú sí i lẹ́nu.

Dámisọ́lá wà lẹ́yìn pátápátá. Ó rí i tí Tèmídayọ̀ tẹ orí wọ ẹnu Ọ̀fun. Kò rò ó wò mọ́.

"Ẹ dúró!"

Ó dúró de ohùn ara rẹ̀ kó padà wá fi í ṣẹ̀sín. Kò padà. Ẹrẹ̀ ti gbé e mì. Ohùn kan ṣoṣo ló jáde, ibi tó parí sí náà ló parí sí, ó mọ́ kedere bí omi inú igbá. Kò gbọ́ irú ẹ̀ rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i. Àwọn tó wà níwájú náà kò gbọ́ irú ẹ̀ rí. Gbogbo wọn ló yí padà.

"Ta nìyẹn?" ni Baálẹ̀ bèèrè.

"Èmi Dámisọ́lá ni, sà."

"Kí lo tún fẹ́?"

"Ọkọ́, sà."

Àwọn èrò ń wo ara wọn lójú.

"Ó ní ọkọ́," ni obìnrin kan wí, bí ẹni tó jí lójú oorun. "Ohun tí ó ń wí látọjọ́ yìí nìyẹn? Ọkọ́?"

"Mo sọ fún un kó lọ sọ ọ́ níwájú Baálẹ̀!" ni Purity wí. "Èmi ni mo sọ fún un!"

Hezekiah ti ń la ẹrẹ̀ bọ̀. "Àbùlà ni! Baálẹ̀, ẹ ti kìlọ̀ fún un lẹ́ẹ̀kan!"

Ẹ̀rù ba Dámisọ́lá, ṣùgbọ́n ìbínú ọjọ́ mẹ́ta ju ẹ̀rù lọ. "Bọ̀dá Hezekiah, ẹ má bínú, sà. Nígbà tí Yèyé pa ẹnu dé, níbo lẹ wà?"

"Níbo ni mo wà bí báwo?"

"Ṣé ẹ wà nínú ahéré?"

"Mo… mo ti ń lọ."

"Ẹ ti dé ibo, sà?"

Hezekiah wo ọ̀tún, ó wo òsì. Ó ti mọ́ ọn lára kí ihò bá a gbé ọ̀rọ̀, kí ó máa dún bí ẹni mẹ́wàá. Níbí, òun nìkan ni. "Mo ti dé ìdí olú ńlá tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà."

"Ṣé ẹ gbọ́ ìparí ọ̀rọ̀ náà?"

Hezekiah sorí kọ́. Ohùn rẹ̀ kéré. "Mi ò gbọ́ ọ."

"Ó ní ìparí?" Baálẹ̀ ló bèèrè, ó fi ọ̀pá ti ara rẹ̀ kó má baà ṣubú. Àwọn àgbà bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ọ̀kan ní akígbe nìkan ni òfin mọ̀. Òmíràn ní akígbe tó sá lọ kí ọ̀rọ̀ tó parí ti di kí ni? Baálẹ̀ gbá ọ̀pá mọ́ ẹrẹ̀, ó ta sí wọn lójú, wọ́n dákẹ́.

"Òfin ní ẹ̀ẹ̀kan ni Yèyé ń sọ ọ́," ló wí. "Kò sọ pé etí kan ló gbọ́dọ̀ gbọ́ ọ. Tèmídayọ̀, jáde wá síbí ná. Dámisọ́lá, ohun tí Yèyé wí gan-an ni kí o wí. Má fi kún un, má yọ níbẹ̀. Bí ó bá yé wa, ẹ̀gbọ́n rẹ á tẹ̀ lé ọ lọ sílé. Bí a bá rí i pé o bù là á, ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ ń wọlé."

Ìyá rẹ̀ ké pẹ́ẹ́, ó fi ọwọ́ bo ẹnu. Tèmídayọ̀ dúró lẹ́nu Ọ̀fun, aṣọ funfun rẹ̀ ti dúdú dé ìbàdí, ó ń wo àbúrò rẹ̀ bí ẹni tí òùngbẹ ń gbẹ, tí wọ́n gbé omi dání níwájú rẹ̀.

Dámisọ́lá di ojú kí ó má baà rí ẹnikẹ́ni. Ó wá ohùn Yèyé nínú ara rẹ̀, ó rí i, ó sì sọ ọ́ bó ṣe gbọ́ ọ:

"Ẹ mú ọkọ́ wá. Àwọn ará òkè ń gbẹ́ kànga, ẹrẹ̀ wọn ti há mi lọ́fun, mi ò lè gbé e mì, mi ò sì lè pọ̀ ọ́. Ẹ wá wà á kúrò kí n lè ṣàn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rán ẹnì kan ṣoṣo wá. Iṣẹ́ náà pọ̀."

Baálẹ̀ wo ẹrẹ̀ tó bo ẹsẹ̀ rẹ̀, ó ní kí àwọn ọkùnrin mẹ́rin náà sọ òkúta kalẹ̀, kí gbogbo ìlú lọ mú ọkọ́ wá.